‘Wọ́n Ti Lé Mi’: Gbólóhùn Tí Ilé Ẹjọ́ Bu Owó Lé

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun ni Màmá Ó-Ṣì-Gbóná kú. Ní Ọjọ́bọ̀ ọ̀sẹ̀ yẹn kan náà, òṣìṣẹ́ ilé ẹjọ́ kan jáde sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, ó pe orúkọ rẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹ́ta, ó wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó sì padà wọlé lọ sọ fún adájọ́ pé olùpẹjọ́ kò yọjú. Adájọ́ kọ ọ́ sílẹ̀ pé olùpẹjọ́ kò yọjú, kò sì ránṣẹ́ pé nǹkan kan ṣẹlẹ̀. Ó ní kí wọ́n wọ́gi lé ẹjọ́ náà, ó sì ní kí wọ́n pe èyí tó kàn. Obìnrin tí wọ́n ń pè yẹn wà ní yàrá òkú ilé ìwòsàn tó wà ní ìsàlẹ̀ òpópónà kan náà. Ta ni ì bá rán?

Mo ti gbìyànjú láti má fi ìbínú kọ èyí. Kò ṣeé ṣe, mo sì ti jáwọ́.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ẹni tó jẹ́ fún yín, nítorí ilé ẹjọ́ kò fìgbà kankan béèrè. Oníbúrẹ́dì ni. Ní ẹ̀yìn ilé bàbá rẹ̀, nínú àgbàlá kékeré kan, ni ààrò búrẹ́dì wà, ààrò oníbíríkì tí bàbá náà fi ọwọ́ ara rẹ̀ mọ. Bàbá yẹn ló kọ́ ọ níṣẹ́: bí wọ́n ṣe ń po ìyẹ̀fun, bí wọ́n ṣe ń na ẹ̀yìn ọwọ́ sí ẹnu ààrò láti mọ̀ bóyá iná ti tó. Nígbà tí bàbá kú, òun ló ń bá iṣẹ́ náà lọ. Kí ilẹ̀ tó mọ́ dáadáa, òórùn búrẹ́dì rẹ̀ á ti gba àdúgbò kan. Bí o bá ra búrẹ́dì lọ́wọ́ rẹ̀, kì í dúpẹ́ bí àwọn yòókù. Á tẹ̀ ẹ́ mọ́ ọ lọ́wọ́, á ní, “Ó ṣì gbóná o, má fi ọ̀rá dì í pa.” Ibẹ̀ ni orúkọ rẹ̀ ti wá, kódà àwọn tó mọ orúkọ tí bàbá rẹ̀ sọ ọ́ kò pè é mọ́.

Èmi náà wà lára àwọn oníbàárà rẹ̀. Iwájú ilé iṣẹ́ ìwé ìròyìn wa ló máa ń gbà kọjá, ó sì mọ̀ pé èmi ni mò ń kọ ojú ewé yìí. Á dúró, á sọ agbọ̀n kalẹ̀, á wò mí láti òkè délẹ̀. “Akọ̀wé Oníbìínú, ta lo tún ń bú lónìí? Ṣé o ti jẹun?” Tí mo bá ní rárá, á mi orí. “Jẹun ná. Ìbínú ẹni tí ebi ń pa kì í dùn ún kà.” Mo máa ń rẹ́rìn-ín, mo máa ń jẹun, mo sì máa ń padà sídìí iṣẹ́. Lónìí mi ò tíì jẹ nǹkan kan.

Ẹ tún jẹ́ kó yé yín pé ilé ẹjọ́ kò jìnnà sí ilé yẹn rárá. Ẹ̀yìnkùlé méjèèjì fẹ́rẹ̀ẹ́ kojú síra. Láti fèrèsé ọ́fíìsì tí wọ́n ti ń gba ìwé ẹjọ́ wọlé, èèyàn lè rí èéfín ààrò náà bó ṣe ń gòkè. Awakọ̀ adájọ́ ń ra búrẹ́dì rẹ̀. Àwọn lọ́yà ń rà á. Àwọn akọ̀wé kóòtù, lọ́kùnrin lóbìnrin, òun ni wọ́n fi ń mu tíì kí wọ́n tó ṣí wíńdò fún ará ìlú. Ẹ fi èyí sọ́kàn, nítorí lórí rẹ̀ ni gbogbo wèrè tó tẹ̀lé e dúró.

Bàbá fi ilé náà sílẹ̀ fún ọmọ méjì: Màmá, àti ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọkùnrin tó ti fẹ̀yìntì lẹ́nu iṣẹ́ ìbánigbófò. Ẹ̀gbọ́n ń gbé iwájú, níbi tí yàrá ti tóbi tí fèrèsé sì kọjú sí títì. Màmá ń sùn ní yàrá kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọ̀dẹ̀dẹ̀, ó ń ṣiṣẹ́ ní ẹ̀yìn. Ó rọrùn bẹ́ẹ̀ fún ọdún pípẹ́, títí oníṣòwò kan fi dé tó fẹ́ ra gbogbo ilé, kó wó o, kó kọ́ ilé ìtajà olókè. Màmá kò bá ẹnikẹ́ni jà. Ó ní, “Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ jẹ́ ká pín in. Ẹ mú iwájú, iwájú ló dáa jù, mo mọ̀. Ẹ fún mi ní ẹ̀yìn àti ààrò.” Ẹ̀gbọ́n ní ẹni tó fẹ́ rà kò fẹ́ àbọ̀. Nígbà tí ọ̀rọ̀ kò yanjú, ó fi àgádágodo sí ilẹ̀kùn ọ̀dẹ̀dẹ̀. Ibùsùn Màmá, aṣọ rẹ̀, àwòrán ìgbéyàwó rẹ̀, gbogbo rẹ̀ há sínú. Láti ọjọ́ yẹn, géètì kékeré ẹ̀yìn tí wọ́n ń gbà gbé pàǹtí jáde ni obìnrin náà ń gbà wọ ilé bàbá rẹ̀. Ó tẹ́ ẹní sínú yàrá tó ń kó ìyẹ̀fun sí, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ààrò, ibẹ̀ ló sì ń sùn.

Pẹ̀lú ìbànújẹ́ yìí ló fi lọ bá lọ́yà, pé òun fẹ́ kí ilé ẹjọ́ bá àwọn pín ilé. Kí ló kọ́kọ́ sọ nígbà tó jókòó? Ohun tí ẹnikẹ́ni nínú wa ì bá sọ. Ó ní, “Wọ́n ti lé mi nílé bàbá mi.”

Ẹ̀yin tó ń ka èyí, ẹ mọ bí a ṣe ń sọ̀rọ̀. Ẹni tí oòrùn mú lójú ọ̀nà á ní oòrùn ti pa òun. Ìyá tí ọmọ rẹ̀ kò gbọ́ràn á ní ọmọ yìí ti pa òun, á sì dìde lọ se oúnjẹ fún ọmọ náà. Ṣé a máa ń gba owó pósí lọ́wọ́ wọn ni? Lọ́yà ọ̀dọ́ yẹn gbọ́ ‘wọ́n ti lé mi’, ó kọ ọ́ bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ sínú ìwé ẹjọ́: wọ́n ti lé olùpẹjọ́ jáde kúrò nínú ilé náà. Kò bi í léèrè ibi tó sùn mọ́jú. Ó ní ìlànà ni pé kí òun kọ ohun tí oníbàárà òun bá sọ.

Gbólóhùn kékeré yẹn ló pa á. Òfin owó ilé ẹjọ́ níbẹ̀ rí báyìí: ẹni tó bá ṣì wà nínú ilé tó ní kí wọ́n pín, owó táṣẹ́rẹ́ ni yóò san. Ṣùgbọ́n ẹni tí wọ́n bá ti lé jáde, wọ́n ní kì í ṣe pípín ló fẹ́, gbígbà ló fẹ́ gbà á padà, nítorí náà kó san owó gẹ́gẹ́ bí iye tí ìpín rẹ̀ yóò tà lọ́jà. Ẹ tún un kà, kẹ́ ẹ rò ó dáadáa. Ẹni tó ń sùn sórí bẹ́ẹ̀dì rẹ̀ ni yóò san díẹ̀. Ẹni tí wọ́n ti jù síta, tí kò ní òrùlé lórí, òun ni wọ́n ní kó lọ wá owó rẹpẹtẹ wá kí wọ́n tó gbọ́ ẹkún rẹ̀. Ta ló jókòó sórí àga, tó ronú jinlẹ̀, tó sì rí i pé èyí dáa?

Owó táṣẹ́rẹ́ ni wọ́n kọ́kọ́ gbà lọ́wọ́ Màmá. Lọ́yà ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ló dìde tó ní owó náà kò pé. Ó tọ́ka sí ìwé: ẹ wò ó, òun fúnra rẹ̀ ló ní wọ́n ti lé òun. Ẹni tó ti ilẹ̀kùn mọ́ ọn ló wá ń jẹ èrè ilẹ̀kùn tó tì. Ẹ̀gbọ́n yìí kan náà, tó máa ń sọ fún àwọn agbowó-orí lọ́dọọdún pé ilé àwọn ti di àlàpà, mú ẹni tó ń díyelé ilé wá sí kóòtù kó wá jẹ́rìí pé ilé náà níye lórí gan-an. Ojú kò tì í. Bí ilé bá ṣe níye lórí sí i, bẹ́ẹ̀ ni owó tí àbúrò rẹ̀ máa san yóò ṣe wúwo sí i. Adájọ́ ní kí wọ́n lọ yanjú ọ̀rọ̀ owó ná, kí òun tó gbọ́ nǹkan kan nípa ilé.

Mo wà ní ọ́fíìsì ìwé ẹjọ́ ní ọjọ́ tí Màmá wá síbẹ̀ lórí ọ̀rọ̀ yìí. Ìròyìn mìíràn ni mo wá wá. Akọ̀wé tó wà lójú wíńdò ṣì ń jẹun.

“Màmá, owó yín kò pé. Ìwé yín sọ pé wọ́n ti lé yín, ẹ ò sí nínú ilé yẹn mọ́.”

“Ta ló ní mi ò sí níbẹ̀?”

“Ẹ̀yin náà lẹ kọ ọ́, Màmá.”

Màmá nàka sí ọwọ́ rẹ̀. “Ọmọ mi, búrẹ́dì tí ò ń jẹ yẹn, ta ló tà á fún ọ?”

“Ẹ̀yin ni.”

“Nígbà wo?”

“Láàárọ̀ yìí.”

“Ó gbóná àbí kò gbóná?”

“Ó gbóná, Màmá.”

“Ibo lo wá rò pé mo ti yan án? Nínú àpò mi?”

Gbogbo àwọn tó tò sẹ́yìn rẹ̀ bú sẹ́rìn-ín. Akọ̀wé náà rẹ́rìn-ín pẹ̀lú wọn, ó fi àtẹ́lẹwọ́ nu ẹnu. Ó ní, “Màmá, ti búrẹ́dì lọ́tọ̀, ti ìwé lọ́tọ̀.” Ó sì ti ìwé náà padà sí i láti abẹ́ wíńdò.

Èmi náà rẹ́rìn-ín lọ́jọ́ yẹn. Mo rò pé ọ̀rọ̀ tó hàn kedere báyẹn, adájọ́ á yanjú rẹ̀ ní ìjókòó kan. Nígbà tí adájọ́ pè é síwájú, mo lọ gbọ́ ọ.

“Màmá, ẹ dá mi lóhùn tààrà. Ṣé ẹ wà nínú ilé náà àbí ẹ ò sí níbẹ̀?”

“Mo wà níbẹ̀, Olúwa mi.”

“A jẹ́ pé wọn ò lé yín.”

“Wọ́n lé mi, Olúwa mi.”

“Màmá, ọ̀kan ni kẹ́ ẹ mú. Ẹni tí wọ́n lé kò lè tún wà níbẹ̀.”

“Olúwa mi, ẹ má bínú. Tí ọmọ ìyá yín bá ti ilẹ̀kùn mọ́ yín nínú ilé tí wọ́n bí yín sí, tó jẹ́ pé ọ̀nà pàǹtí lẹ̀ ń gbà wọlé, tí ẹ máa tẹríba kí orí yín má bàa gbá irin, ṣé ẹ máa délé sọ fún ìyàwó yín pé wọn ò lé yín?”

Adájọ́ ṣí ìwé rẹ̀. Ó kọ nǹkan sílẹ̀, ó ní ọ̀rọ̀ ẹnu olùpẹjọ́ ta kora, ó sì sún ẹjọ́ síwájú. Mo ti ń lọ sí ilé ẹjọ́ tipẹ́, mi ò tíì gbọ́ òótọ́ tó ṣe kedere ju ìyẹn lọ láti ẹnu ẹnikẹ́ni tó wọ ibẹ̀, pẹ̀lú àwọn tó wọ aṣọ dúdú.

Lọ́yà rẹ̀ wá ní kí àwọn pa gbólóhùn náà rẹ́, kí àwọn kọ pé ó ṣì ń gbé ibẹ̀. Màmá kọ́kọ́ kọ̀. “Ṣé irọ́ ni mo wá pa ni?” Nígbà tó gbà, wọ́n ní ìwé àtúnṣe náà ní owó tirẹ̀, Màmá sì san án. Lọ́yà ẹ̀gbọ́n ta kò ó, ó ní Màmá fẹ́ yí òótọ́ padà nítorí kó lè sá fún owó. Kí wọ́n tó dá èyí, wọ́n gbé adájọ́ lọ sí ibòmíràn. Adájọ́ tuntun ní òun máa bẹ̀rẹ̀ látòkè. Àwọn òṣìṣẹ́ kóòtù daṣẹ́ sílẹ̀. Wọ́n padà sẹ́nu iṣẹ́, fáìlì ti sọnù, wọ́n rí fáìlì. Ẹ má jẹ̀ẹ́ kí n fi gbogbo rẹ̀ dá yín lágara bí wọ́n ṣe fi dá a lágara. Kí ẹ ṣáà mọ̀ pé títí ó fi kú, kò sí adájọ́ kan ṣoṣo tó la ẹnu bi í pé, “Báwo lẹ ṣe fẹ́ ká pín ilé náà?”

Ohun kan ṣoṣo ni ilé ẹjọ́ sáré ṣe. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ bẹ̀bẹ̀ pé kí ẹnikẹ́ni má fọwọ́ kan ohunkóhun nínú ilé náà títí ẹjọ́ yóò fi parí, wọ́n sì fún un ní àṣẹ yẹn láàárín ọ̀sẹ̀ kan.

Òjò ọdún tó tẹ̀lé e pọ̀. Bíríkì já lára ọ̀nà èéfín ààrò, ihò sì là síbẹ̀. Dípò kí gbogbo èéfín gòkè, púpọ̀ nínú rẹ̀ ń yí padà wọ yàrá ìyẹ̀fun tí Màmá ń sùn sí. Bíríkìlà kan wá wò ó, ó ní iṣẹ́ àárọ̀ kan péré ni. Ó ti po sìmẹ́ǹtì nígbà tí ẹ̀gbọ́n yọ sí i pẹ̀lú àṣẹ ilé ẹjọ́ lọ́wọ́, tó ní ẹni tó bá fọwọ́ kan ògiri yẹn máa sùn sẹ́wọ̀n. Bíríkìlà kó irinṣẹ́ rẹ̀. Ta ló máa bá a wí? Màmá kọ ẹ̀bẹ̀ sí ilé ẹjọ́ pé kí wọ́n jọ̀ọ́, kí wọ́n jẹ́ kí òun dí ihò kan. Wọ́n dá a padà lójú wíńdò. Wọ́n ní àwọn kì í gba ẹ̀bẹ̀ kankan wọlé lórí ẹjọ́ tí owó rẹ̀ ṣì ń fa àríyànjiyàn.

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ bá mi wò ó. Bí ọ̀rọ̀ owó bá délẹ̀, Màmá kò sí nínú ilé: kó san án. Bí ọ̀rọ̀ àtúnṣe bá délẹ̀, Màmá wà nínú ilé: kó má fọwọ́ kan nǹkan. Ilé ẹjọ́ kan náà, fáìlì kan náà, obìnrin kan náà. Wọ́n mọ̀ ọ́n sí ẹni tó wà níbẹ̀ nígbà tí ìyà bá ń bẹ níbẹ̀ nìkan. Ṣé kò sí ẹnì kan ṣoṣo nínú gbogbo ọ́fíìsì yẹn tó gbé orí sókè, tó wo èéfín láti ojú fèrèsé, tó sì bi ara rẹ̀ pé ta ló ń dá iná yẹn?

Àwọn kan ti bi mí pé kí ló dé tí kò dá iṣẹ́ náà dúró. Lọ́yà rẹ̀ ló ní kó má dá a dúró. Ó ní bí iná ààrò bá fi kú pẹ́nrẹ́n, ọ̀tá á ní ẹ ò rí i, kò sí níbẹ̀ mọ́ lóòótọ́. Èéfín yẹn ni ẹ̀rí rẹ̀. Nítorí náà, obìnrin tó ti darúgbó ń dáná láràárọ̀ nídìí ààrò tí ọ̀nà èéfín rẹ̀ ti là, ó fi aṣọ dí imú, ojú rẹ̀ pọ́n, ó ń húkọ́, kí ilé ẹjọ́ lè mọ̀ pé ó ń gbé nínú ilé bàbá rẹ̀. Ọmọ rẹ̀ kan ṣoṣo, tó ń kọ́ àwọn ọmọ jẹ́lé-ó-sinmi, wá bẹ̀ ẹ́ títí.

“Màmi, ẹ máa bọ̀ lọ́dọ̀ mi. Ẹ fi ilé yẹn sílẹ̀.”

“Tí mo bá wá sọ́dọ̀ rẹ, mo ti lọ nìyẹn. Wọ́n á ní èmi ni mo lọ.”

“Ikọ́ yìí ńkọ́?”

“Ikọ́ ò ní kí n san owó.”

Ọmọ náà sọ fún mi pé àwọn méjèèjì rẹ́rìn-ín sí i. Ìyẹn ni ẹ̀rín ìkẹyìn tí wọ́n jọ rín. Dókítà ní ẹ̀dọ̀fóró rẹ̀ ti bàjẹ́ kọjá àtúnṣe. Ó bi í bóyá ó ń mu sìgá. Màmá ní rárá o, ẹjọ́ lòun ń ṣe.

Inú mi bàjẹ́ débi pé mi ò mọ bí mo ṣe lè sọ ọ́. Mo fẹ́ràn obìnrin yẹn. Ó máa ń bú mi, ó máa ń fi ojú wá mi tí mi ò bá yọ lẹ́nu ọ̀nà, kò sì sí ẹni tó ṣe irú rẹ̀ fún mi mọ́ láti ìgbà tí ìyá mi ti kú.

Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ kọ́ ni mo torí rẹ̀ mú gègé. Ẹ̀dá bíi tirẹ̀ pọ̀ nínú ẹbí, nítorí tiwọn la ṣe dá ilé ẹjọ́ sílẹ̀. Ọjọ́ ìsìnkú gan-an ló fi àgádágodo tuntun sí géètì ẹ̀yìn. Oníṣòwò yẹn ti wá fi okùn wọn àgbàlá. Àwọn òṣìṣẹ́ kóòtù, ní tiwọn, ń bi ara wọn ibi tí àwọn yóò ti máa ra búrẹ́dì.

Nígbà tí ọmọ rẹ̀ lọ sójú wíńdò pé òun fẹ́ jí ẹjọ́ ìyá òun dìde, akọ̀wé kan náà ló bá níbẹ̀. Ó bá a kẹ́dùn, mi ò ní purọ́ mọ́ ọn. Lẹ́yìn náà ló ní kó san owó ìjídìde ẹjọ́, owó ìpààrọ̀ orúkọ, àti èyí tó kù nínú ti ìyá rẹ̀.

“Ẹ̀yin ńkọ́, ṣé ẹ wà nínú ilé náà?” ló bi í.

“Rárá. Wọ́n ti ti gbogbo rẹ̀ pa.”

“A jẹ́ pé wọ́n ti lé yín nìyẹn,” ló wí, ó sì fa ẹ̀rọ ìṣírò rẹ̀ mọ́ra.

Ọ̀gá àgbà adájọ́, ẹ̀yin ni mo ń bá wí báyìí. Ta ló dá ẹ̀bẹ̀ àtúnṣe ààrò yẹn padà, ta ló sì fún un láṣẹ láti dá a padà? Òfin wo ló ní ẹni tí èéfín ń pa gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ parí ọ̀rọ̀ owó kó tó lè ké gbàjarè? Ilé náà wà níbẹ̀, kò lè sá lọ. Kí ló ṣòro nínú kí ẹ pín in tán, kí ẹ wá yọ owó yín lára rẹ̀? Mi ò fẹ́ kí ẹ bá wa kẹ́dùn. Ẹ ti bá wa jẹ búrẹ́dì, ó tó.

Ní ọjọ́ Ajé, èmi àti ọmọ rẹ̀ yóò dúró lójú wíńdò yẹn. A ò ní mú owó kankan dání. Ohun tí a máa béèrè ni kí wọ́n ṣí géètì ẹ̀yìn, kí wọ́n sì gbọ́ ẹjọ́ pípín ilé láti ọ̀rọ̀ ilé, kì í ṣe láti ọ̀rọ̀ owó. Bí ẹ bá máa gbà á, ẹ gbà á. Bí ẹ bá máa kọ̀ ọ́, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ pé owó lẹ torí rẹ̀ kọ̀ ọ́, kí ẹni tó kọ̀ ọ́ fọwọ́ sí i, kó sì kọ orúkọ rẹ̀ gàdàgbà síbẹ̀, kí ọmọ yìí lè mọ ẹni tí yóò máa bi léèrè ìyá rẹ̀.